Ibi Tí Kámẹ́rà Ọmọ Mi Ń Jókòó Sí

Ọmọ mi ni wọ́n ń pè ní ọ̀gá kámẹ́rà láàárín àwọn tó ń ṣe fíìmù báyìí. Ìgbéyàwó àti ìsìnkú ló ń yà kiri Mowe nígbà tó bẹ̀rẹ̀, kó tó di pé àwọn dàrẹ́kítọ̀ Èkó ń dúró dè é. Bí ẹ bá rí fíìmù tí kámẹ́rà ti ń wo obìnrin láti ìsàlẹ̀, tí ìmọ́lẹ̀ ojú fèrèsé kan ṣoṣo ń bà lé e lẹ́rẹ̀kẹ́, òun ló yà á. Àwọn èèyàn ń yìn ín lórí íńtánẹ́ẹ̀tì pé ọgbọ́n tuntun ni. Ọgbọ́n tuntun kọ́. Kíṣìnnì ìyàwó lándílọ́ọ̀dù wa ní Ibafo ni.

Èkó ni mo ti ń ṣiṣẹ́ nígbà tó wà ní kékeré. Ilẹ̀ kì í tíì mọ́ tí màá ti jáde, òun náà á sì ti sùn kí n tó wọlé. Ọ̀dọ̀ obìnrin yẹn ló ń wà látàárọ̀, á jókòó sórí àpótí, á máa wò ó bó ṣe ń rokà. "Mọ́mì" ló ń pè é. Èmi wá di "Mọ́mì Èkó." Gbogbo ilé ń fi rẹ́rìn-ín, mo sì ń bá wọn rín in, ṣùgbọ́n ó ń ta mí lára bí ata.

Láìpẹ́ yìí ọmọ mi gbé fíìmù rẹ̀ tuntun wá sílé mi ní Ifo lẹ́yìn ìsìn ọjọ́ Ìsinmi. Òun àti obìnrin yẹn ni wọ́n jọ wọlé, ó dì í lọ́wọ́ mú. Mo kúnlẹ̀ kí i, nítorí ó jù mí lọ, ṣùgbọ́n inú mi ò kúnlẹ̀.

Fíìmù náà ò tíì lọ jìnnà tí obìnrin náà fi nàka sí tẹlifíṣọ̀n. "Àbí kíṣìnnì mi kọ́ nìyí?"

"Òun ni, Mọ́mì. Orí àpótí yẹn ni mo ṣì ń gbé kámẹ́rà sí."

Obìnrin náà ń sunkún ayọ̀. Wọ́n ní òjòwú ò lẹ́ran láyà. Èmi sanra, mo sì ń jowú. Ta ló rọbí ọmọ yìí? Owó ta ló fi kọ́ṣẹ́?

"Èmi ńkọ́?" Mo bi ọmọ mi lójú obìnrin náà. "Níbo ni mo wà nínú gbogbo iṣẹ́ tó o ti ṣe?"

Kò tiẹ̀ ronú. Ó ní kò sí fíìmù tí òun yà tí obìnrin kan kì í ti jáde nílé láàárọ̀, tí kámẹ́rà ò ní mira títí ilẹ̀kùn á fi tì, tí á sì tún máa wo ilẹ̀kùn náà lẹ́yìn tó ti lọ. Àwọn dàrẹ́kítọ̀ máa ń ní kí wọ́n gé e kúrò, òun kì í gbà.

"Obìnrin yẹn, ẹ̀yin ni, mà."

Ó fún ẹlòmíràn ní ojú àti ìmọ́lẹ̀ fèrèsé, ó wá fún mi ní ìpàkọ́. Mo bi í bóyá n kì í bojú wẹ̀yìn.

"Ẹ kì í wẹ̀yìn, mà. Bọ́ọ̀sì yín á ti máa fọn fèrè."