Àdúrà Mi Nínú Ìjà Àwọn Olórin Punjabi

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run tí kò jẹ́ kí ìtìjú pa mí, tó sì jẹ́ kí n ṣì lè la ẹnu gbàdúrà lẹ́yìn ohun tí mo fẹ́ sọ yìí.

Stockport, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni mo ti ń ṣiṣẹ́ nígbà náà, níbi tí a ti ń fọ aṣọ ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó. Èmi àti ìyá Punjabi kan láti apá Íńdíà la jọ ń ká aṣọ. Ó jù mí lọ dáadáa, Àǹtí ni mo ń pè é. Ọmọkùnrin rẹ̀ ń kọrin Punjabi, ó sì ń gbé e sí YouTube. Òun àti olórin kan tí wọ́n jọ dàgbà ní Salford wá dìjà. Wọ́n ń bú ara wọn nínú fídíò, àwọn èèyàn ń wò ó bí ẹni ń wo bọ́ọ̀lù.

Lọ́jọ́ kan, Àǹtí ń sunkún lákòókò bíréèkì. Olórin kejì yẹn ti bú òun ìyá náà mọ́ ọmọ rẹ̀.

"Sister, ẹ̀yin lẹ máa ń gbàdúrà kíkan. Bá mi gbàdúrà fọ́mọ mi."

Bí a ṣe ń gbà á ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Whalley Range ni mo ṣe gbà á. Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú, mo ń fẹsẹ̀ kilẹ̀, mo sì ń pariwo lédè Gẹ̀ẹ́sì kó lè yé e: kí Olúwa pa ẹnu tó ń bú ọmọ yìí dé, kí iná jó o. "Fire! Fire!" N kò mọ̀ pé ó ń fi fóònù gba ohùn mi sílẹ̀ kọ́mọ rẹ̀ lè gbọ́.

Kí ọ̀sẹ̀ tó parí, ọmọ náà ti gbé e síta láti fi halẹ̀ mọ́ ọ̀tá rẹ̀. Àwọn tọ̀hún ní ó lọ háyà àjẹ́ aláwọ̀ dúdú. Wọ́n fi ìlù sí "Fire" mi. Ọmọ mi obìnrin gbọ́ ọ nílé ìwé.

"Mummy, everyone's playing it. Kí lẹ wá lọ ṣe níbẹ̀?"

Oṣù díẹ̀ lẹ́yìn náà, àwọn olórin méjèèjì gbé orin kan jáde pọ̀. Ohùn mi wà nínú rẹ̀.

"Sister, má bínú," Àǹtí wí. "Ọmọ mi ní eré ni ìjà náà. Àwọn méjèèjì ti jọ ṣètò rẹ̀ látilẹ̀. Èmi náà ò mọ̀."

"Ẹ ní kó yọ ohùn mi kúrò, Àǹtí."

Ó ń wo aṣọ tó ń ká lọ́wọ́. "Ibẹ̀ gan-an làwọn èèyàn fẹ́ràn jù."

N kò bá a jókòó jẹun mọ́ títí mo fi kúrò níbẹ̀. Inú ṣì ń bí mi. Àmọ́ ohun tó ń dùn mí jù ni pé olórin kejì náà ní ìyá. Obìnrin yẹn ti gbọ́ bí mo ṣe ń pe iná lé ọmọ rẹ̀ lórí, n kò sì mọ ibi tí mo ti lè rí i kí n tọrọ àforíjì.

Ìwọ tó ń ka èyí, kí Ọlọ́run má jẹ́ kí wọ́n fi omijé rẹ pa èèyàn lẹ́rìn-ín. Kó má jẹ́ kí ẹnu rẹ ṣe ọmọ ọlọ́mọ níbi. Àmín.