Píìnì Etí Ẹ̀wù

Oyún mi àkọ́kọ́, èmi fúnra mi ni mo fi tó gbogbo Thamesmead, àdúgbò wa nílùú òyìnbó, létí. Iṣẹ́ ìròyìn ni mo ń ṣe, n kì í lè pa ìròyìn mọ́ra. Oyún náà bàjẹ́ kí àwọn èèyàn tó kí mi tán. Nígbà tí ìkejì dé, mo ti lé lógójì ọdún. Ìyá mi gbéra láti Ìjẹ̀bú, ó wá jókòó tì mí.

Òfin méjì ló gbé kalẹ̀. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ gbọ́ títí a ó fi ṣe síkáànù, tí a ó sì fi ojú wa rí i pé ọkàn ọmọ ń lù. Bí mo bá sì ń jáde, kí n fi píìnì, irú èyí tí wọ́n fi ń de nápì, há etí ẹ̀wù mi.

"Kí ni píìnì fẹ́ ṣe, Mọ́mì?"

"Ilé ọmọ ò ní ilẹ̀kùn. Ohunkóhun tó bá ń rìn nínú oòrùn ọ̀sán lè yà síbẹ̀."

"Oòrùn wo, ní Thamesmead?"

Mo rán an létí pé díákónẹ́ẹ̀sì ló jẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ó ní, "Ẹ̀jẹ̀ Jésù ń ṣọ́ inú ilé. Píìnì ń ṣọ́ ìta."

Mo ka ìwé, mo sì ṣàlàyé fún un pé ọrùn ilé ọmọ máa ń padé fúnra rẹ̀, tí nǹkan kan tó ki bí ògì yóò sì dí i pa. Inú rẹ̀ dùn gan-an. "Ṣé o rí i? Ọlọ́run náà fi nǹkan há a."

Ohun tí àwa méjèèjì ò rò ni pé kò sí obìnrin Yorùbá tó rí irú píìnì bẹ́ẹ̀ tí kò ní mọ ìdí rẹ̀. Lọ́jọ́ kejì, ní kọ́ọ̀tù Belmarsh níbi tí mo ti ń kọ ìròyìn ẹjọ́, ẹ̀rọ tó ń wá irin lára èèyàn ké lẹ́nu ọ̀nà. Obìnrin ẹ̀ṣọ́ tó wà níbẹ̀, ọmọ Ìbàdàn, yẹ̀ mí wò títí ó fi dé etí ẹ̀wù. Ó wo píìnì, ó wo ojú mi.

"Àǹtí, ẹ máa kọjá. Ẹ rọra gun àtẹ̀gùn o."

Láti ọjọ́ náà ló ti ń wá àga fún mi kí n tó béèrè. Mo sọ fún ìyá mi. Ó ní, "Ó rí i ni. Kò gbọ́ ọ."

Lọ́jọ́ síkáànù, ní ilé ìwòsàn ní Woolwich, wọ́n ní kí n ká ẹ̀wù sókè. Ìyá mi yọ píìnì náà, kò gbà láti gbé e sórí tábìlì ẹni ẹlẹ́ni, ó fi há etí bùbá tirẹ̀. Wọ́n fi nǹkan tútù pa mí níkùn. Ọmọbìnrin tó ń ṣe àyẹ̀wò ń ti ẹ̀rọ kiri, ó ń tẹjú mọ́ àwòrán. Èmi tí mo ń fi ìbéèrè jẹun, n kò lè béèrè ohun kan ṣoṣo tí mo fẹ́ mọ̀. Ìyá mi ti di ọwọ́ mi mú títí ó fi ń dùn mí.

Ọmọbìnrin náà yí ojú ẹ̀rọ sí wa. Nǹkan kékeré kan ń ṣẹ́jú níbẹ̀ kíá kíá. "Ọkàn rẹ̀ nìyẹn."

Ìyá mi wò ó títí. "Ta ló ń lé e?"

Nínú bọ́ọ̀sì tá a wọ̀ padà, ta la bá pàdé bí kò ṣe ẹ̀ṣọ́ kọ́ọ̀tù. Ó dìde fún ìyá mi kó jókòó, ojú rẹ̀ sì bọ́ sí etí bùbá. Ó kúnlẹ̀ díẹ̀, ó kí i bí wọ́n ṣe ń kí aboyún.

"Mọ́mì, àsọ̀kalẹ̀ àǹfààní o."

Ìyá mi wo ìsàlẹ̀, ó rí píìnì. Mo rò pé ojú yóò tì í.

"Ti ọmọ mi ni mo bá a gbé," ó ní, ohùn rẹ̀ dé ọ̀dọ̀ dírẹ́bà. "A ṣẹ̀ṣẹ̀ rí ọkàn ọmọ inú rẹ̀ ni. Ó ń sáré bí ẹṣin."

Kí a tó dé iwájú ilé ìtajà ńlá Thamesmead, àwọn tí n kò mọ̀ rí ti ń bá mi yọ̀. Èmi oníròyìn, n kò rí ọ̀rọ̀ kan fi kún un. Bí a ṣe sọ̀ kalẹ̀, ó yọ píìnì, ó fi há ẹ̀wù mi padà.

"Má sọ fún ẹnikẹ́ni o," ó wí.