Wọ́n ní àwọn ti bá mi tún un ṣe

Wọ́n tún láptọ́ọ̀pù mi ṣe ní Mafoluku lónìí, odidi ìlú kan sì pa rẹ́.

Inú géèmù ogun àtijọ́ kan ni ìlú náà wà. Èmi àti àbúrò mi la jọ kọ́ ọ l'Ékìtì. Mo kó o kúrò lórí láptọ́ọ̀pù wa àtijọ́ tó ti bàjẹ́ sínú tuntun yìí, àmọ́ kò gbà á, kò ṣí.

Mo bẹ ẹ̀gbọ́n tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe: "Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ bá mi tún ibi tí géèmù yìí wà ṣe."

Wọ́n ní, "Mo ti tún un ṣe, ọmọ Èkìtì! Gbogbo pàǹtí ayé àtijọ́ yẹn, mo ti kó o dànù."

Mo ní, "Ẹ ṣeun sà." Ẹ ṣeun ni mo sọ o!

Àbúrò mi ṣẹ̀ṣẹ̀ pè: "Ṣé ìlú wa ti ṣí?" Mo ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò dáa.

Ẹ̀yin ńkọ́, kí lẹ bá sọ fún un?