Thelma Haugen, Ẹni Tí Í Yẹ Ìbuwọ́lù Wò

Ọdún kejìlélógún rèé tí Thelma Haugen ti ń yẹ ìbuwọ́lù wò ní ọ́fíìsì ìdìbò àgbègbè wa ní ìpínlẹ̀ Oregon, nílẹ̀ Amẹ́ríkà. Lọ́dọ̀ tiwa, a kì í tò sórí ìlà nítorí ìbò. Ilé ni ìwé ìbò ń bá wa, orí tábìlì oúnjẹ la ti ń kọ ọ́, a ó buwọ́ lu ẹ̀yìn àpòòwé, a ó sì fi ránṣẹ́. Thelma á wá fi ìbuwọ́lù náà wé èyí tó wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀. Bí wọn ò bá jọra, lẹ́tà á wá bá ọ nílé pé kí o wá tún un buwọ́ lù kí wọ́n tó ka ìbò rẹ.

Orval Stadler, tí òun àti Thelma jọ lọ ilé ìwé, kò gbà bẹ́ẹ̀. Àràárọ̀ ló ń sọ ọ́ nílé kọfí pé òkú ń dìbò, ajá ń dìbò, Thelma kàn ń jókòó gbowó ọ̀fẹ́ ni. Nígbà tó yá, ó kọ̀wé pé kí wọ́n yọ Thelma níṣẹ́, ogún ènìyàn sì buwọ́ lù ú. Ó dun Thelma wọra. Ó dun èmi náà, nítorí mo mọ̀ pé obìnrin yẹn kò ní ju orúkọ rere lọ.

Ẹni da eérú leérú ń tọ̀. Lóṣù kọkànlá, lẹ́tà dé ilé Orval: ìbuwọ́lù rẹ̀ kò bá tàtijọ́ mu. Ló bá fa Jean ìyàwó rẹ̀ lọ́wọ́, ó di ọ́fíìsì. Mo tẹ̀ lé wọn. N kò ní purọ́, ìran ni mo lọ wò.

Ó ní, “Thelma, o ti ń gbẹ̀san. O fẹ́ da ìbò mi nù.”

Thelma kàn gbé àpòòwé náà síwájú rẹ̀. “Orval, ṣé ìwọ lo kọ eléyìí?”

Orval fà á sún mọ́ ojú. Jean ló bú sẹ́rìn-ín.

“Èmi ni mo kọ ọ́ o. A ti ṣi àpòòwé ara wa mú nídìí oúnjẹ. Tèmi wá ńkọ́?”

Thelma ní, “Lẹ́tà tìẹ ti wà lọ́nà.”

Àwọn méjèèjì buwọ́ lu ìwé mìíràn, àwọn òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì sì ka ìbò wọn.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, Orval dìde nílé kọfí, ó mú ìwé tó kọ láti fi yọ Thelma níṣẹ́ dání. Ó ní, “Mo ní kò sẹ́ni tó ń yẹ ìbuwọ́lù wò. Irọ́ ni mo pa. Èmi gan-an ni Thelma mú.” Ló bá fa ìlà sórí orúkọ ara rẹ̀. Inú mi dùn débi pé omi bọ́ lójú mi, nítorí àwọn yòókù tó buwọ́ lù ú ti ń tò sẹ́yìn rẹ̀ láti yọ orúkọ tiwọn.