Àpò Ṣòkòtò Tíṣà

Lọ̀ọ́dán ni gbogbo àdúgbò ń pe alágbàfọ̀ yìí, àwọn tó sì sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ kò purọ́ mọ́ ọn. Bó bá fi áyọ́ọ̀nù kan ṣẹ́ẹ̀tì, eṣinṣin tó bá bà lé e, yíyọ̀ ni yóò yọ̀ ṣubú. Ọkùnrin kúkúrú ni, ọṣẹ ti bó o níka, ẹnu rẹ̀ kì í sì í dákẹ́. Ohun kan ṣoṣo ló fi ń yangàn: aṣọ ẹnìkan kò bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn rí lọ́dọ̀ rẹ̀. Bó ṣe máa ń wí ni pé, "Wọ́n lè gbé ọmọ fún ìyá tí kò bí i nílé ìwòsàn o, àmọ́ lọ́dọ̀ tèmi, síńgílẹ́ẹ̀tì rẹ mọ ọ̀nà ilé."

Ọ̀nà tó ń gbà ṣe é kò le. Oníbàárà kọ̀ọ̀kan ló ní àwọ̀ òwú tirẹ̀. Bí aṣọ bá ti dé, Lọ̀ọ́dán á kọ́kọ́ gán òwú mọ́ ọn nínú, lẹ́yìn náà ni á wá tú àpò. Ohunkóhun tó bá bá níbẹ̀, ì báà ṣe kọ́kọ́rọ́, ì báà ṣe bọ́tìnnì, inú ike kékeré kan ló ń kó o sí, á sì so irú òwú kan náà mọ́ ike ọ̀hún. Òwú aláwọ̀ ewé ni ti tíṣà. Pupa ni ti Oníná, ọkùnrin tó ń ṣiṣẹ́ iná mànàmáná káàkiri ilé onílé.

Tíṣà kò tíì pẹ́ ládùúgbò nígbà náà. Ìṣirò ló ń kọ́ àwọn ọmọ nílé ẹ̀kọ́ tó wà lókè títì. Èèyàn jẹ́jẹ́ ni. Bó bá gbé aṣọ dé, á kí, á dúpẹ́, ó di ilé. Kì í jókòó sórí bẹ́ǹṣì tó wà níwájú ṣọ́ọ̀bù, níbi tí Oníná àti àwọn yòókù ti ń jiyàn bọ́ọ̀lù. Bí Lọ̀ọ́dán bá sì dá àpárá tí gbogbo ayé ń torí rẹ̀ dinú mú rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín músẹ́ lásán ni tíṣà máa fi dá a lóhùn. Lọ́jọ́ kan, ó dá ṣẹ́ẹ̀tì kan padà pé ọrùn rẹ̀ ti jó. Ó sọ ọ́ jẹ́jẹ́ o, kò gbóhùn sókè. Àmọ́ àwọn ará bẹ́ǹṣì gbọ́, wọ́n sì fi Lọ̀ọ́dán ṣe ẹlẹ́yà títí ilẹ̀ ọjọ́ náà fi ṣú. Lọ̀ọ́dán ní irọ́ ni, òun ò jó ọrùn ṣẹ́ẹ̀tì kankan. Láti ọjọ́ yẹn, bó bá ti rí tíṣà lókèèrè, ojú rẹ̀ á le.

Àsìkò yẹn náà ni ìjọba gbé òfin tuntun jáde nítorí àwọn agbésùnmọ̀mí. Bọ́ǹbù ti dún nílùú kan tó jìnnà, àyà gbogbo èèyàn sì ń já. Wọ́n lẹ ìwé gàdàgbà mọ́ ògiri káàkiri, ọ̀kan sì wà lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù Lọ̀ọ́dán: ẹni tó bá rí ohun tó mú ìfura dání tí kò sọ, ẹ̀wọ̀n ń dúró dè é. Ọlọ́pàá lè ti ẹni tí wọ́n bá fura sí mọ́lé títí ìwádìí yóò fi parí, kò sì sẹ́ni tó sọ ìgbà tí ìwádìí ń parí. Lọ̀ọ́dán ka ìwé náà títí ó fi há sí i lórí. Ẹ̀rù bà á, àmọ́ ẹ jẹ́ ká sòótọ́, inú rẹ̀ tún dùn díẹ̀. Ta ló tún ń tú àpò gbogbo àdúgbò bí kì í bá ṣe òun?

Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, ṣòkòtò dúdú méjì wà lórí tábìlì rẹ̀, ti tíṣà àti ti Oníná. Oníná ti gbéra lọ síṣẹ́ nílùú míì, ó ní ó máa tó oṣù bíi mélòó kan kóun tó dé. Lọ̀ọ́dán ń bá àwọn ará bẹ́ǹṣì jiyàn, ló bá ṣe ohun tí kì í ṣe: ó tú àpò kó tó gán òwú. Ìgbà tó máa fi yíjú padà, bátìrì kékeré méjì tí wọ́n fi táàpù dè pọ̀ ló bá lọ́wọ́ ara rẹ̀, pẹ̀lú wáyà pupa, wáyà dúdú, àti ohun róbótó kan tí wọ́n ń fìka tẹ̀. Ó mọ ṣòkòtò tí í ṣe ti ẹnì kọ̀ọ̀kan, nítorí ti Oníná gùn jù. Ohun tí kò mọ̀ ni inú àpò tó ti fa nǹkan náà yọ.

Ẹni tó ní làákàyè á ti béèrè pé, nínú àwọn méjèèjì, ta ló ń fi wáyà jẹun? Òun náà kúkú béèrè. Ọkàn rẹ̀ sọ Oníná fún un kíákíá. Ṣùgbọ́n Oníná lọ̀rẹ́, bẹ́ǹṣì ni wọ́n jọ ń jókòó. Tíṣà ni kì í báni ṣeré, tíṣà ni kò sẹ́ni tó mọ bàbá rẹ̀, tíṣà ló ní wọ́n jó ọrùn ṣẹ́ẹ̀tì òun. Lọ̀ọ́dán wo ìwé tó wà lẹ́nu ọ̀nà. Ó já òwú aláwọ̀ ewé, ó so ó mọ́ ike, ó sì tẹ ọlọ́pàá láago.

Iwájú àwọn ọmọ kíláàsì ni wọ́n ti mú tíṣà, ṣọ́ọ̀kì ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Wọ́n bi í pé kí ni nǹkan yìí, ó ní òun ò rí i rí. Òótọ́ sì ni, kò rí i rí. Ká ní àpò Oníná ni wọ́n sọ pé ó ti wá ni, Oníná á ti sọ ohun tó jẹ́, wọn ì bá rẹ́rìn-ín, kí kálukú sì máa lọ. Àmọ́ èèyàn tó ní òun ò mọ ohun tó wà nínú àpò òun, lójú ọlọ́pàá, ó ti jẹ́wọ́ ìdajì nìyẹn. Wọ́n tì í mọ́lé, wọn ò gbé e lọ sílé ẹjọ́, wọn ò sì dá a sílẹ̀.

Ọ̀gá ọlọ́pàá wá bọ Lọ̀ọ́dán lọ́wọ́ ní ṣọ́ọ̀bù. Àwọn ará bẹ́ǹṣì ní ojú rẹ̀ mú ju ti àṣá lọ. Adùn ìyìn náà kò tọ́jọ́, nítorí ìyàwó tíṣà kò yí ọ̀nà padà. Iwájú ṣọ́ọ̀bù ló ń gbà lọ síbi iṣẹ́, yóò sì kúnlẹ̀ díẹ̀ kí i, "Ẹ káàárọ̀, bàbá," bí ẹni pé nǹkan ò ṣẹlẹ̀. Ká ní ó ń bú u ni, ì bá rọrùn fún un. Lọ́jọ́ kan, ó yà wọlé.

"Bàbá, ẹ má bínú o. Ṣé ó dá yín lójú pé àpò ọkọ mi ni?"

"Ó dá mi lójú," Lọ̀ọ́dán fèsì láìgbójú sókè. "Aṣọ kì í ṣì mí lọ́wọ́."

Ó dúpẹ́, ó sì jáde. Lọ̀ọ́dán gbé áyọ́ọ̀nù lé aṣọ, ó gbàgbé rẹ̀ síbẹ̀ títí èéfín fi rú.

Nígbà tí Oníná padà dé, ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì, ó kí ẹni tó yẹ kó kí. Nígbà tí àwọn yòókù lọ tán, ó wá ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ ò bá mi rí agogo ẹnu ọ̀nà kan nínú ṣòkòtò mi? Mo so bátìrì mọ́ ibi tí wọ́n ń tẹ̀ láti dán an wò, mi ò wá mọ ibi tí mo fi sí."

Lọ̀ọ́dán tẹjú mọ́ aṣọ tó ń lọ̀. Ẹ wá gbọ́ ohun tí ẹnu àgbàlagbà sọ: "Mi ò rí i."

Ó délé, kò fọwọ́ kan oúnjẹ. Ìyàwó rẹ̀ ní kí ló dé, ó sì sọ gbogbo rẹ̀, títí kan òwú. Obìnrin náà kò pariwo. Ó kó àwo kúrò nílẹ̀.

"Ìgbìmọ̀ tí ìjọba gbé kalẹ̀ ń bọ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀," ló wí. "Wọ́n fẹ́ gbọ́ ẹjọ́ àwọn tí òfin yẹn kó sẹ́wọ̀n. Wọ́n ní ẹni tí kò bá rí ẹlẹ́rìí, olú-ìlú ni wọ́n ń kó o lọ, ìyẹn sì di ọ̀rọ̀ ọ̀pọ̀ ọdún."

"Òfin kan náà ní ẹni tó bá parọ́ mọ́ èèyàn, yóò ṣẹ̀wọ̀n."

"Ṣé ẹ̀wọ̀n lẹ ń bẹ̀rù ni, àbí ẹ̀tẹ́?"

Ó ronú sí i. "Ẹ̀tẹ́ ni. Wọ́n ní ikú yá ju ẹ̀sín."

"Ẹ̀tẹ́ ti wà nílé yìí tipẹ́," ni obìnrin náà dáhùn. "Ẹ kàn ń fi áyọ́ọ̀nù lọ̀ ọ́ ni."

Lọ́jọ́ tí ìgbìmọ̀ jókòó, gbọ̀ngàn ìlú kún. Obìnrin kan tó ti jẹ́ adájọ́ kó tó fẹ̀yìn tì ni alága wọn. Lọ̀ọ́dán mú Oníná dání, ó ti sọ òótọ́ fún un lọ́nà, Oníná kò sì bá a sọ̀rọ̀ mọ́ títí wọ́n fi débẹ̀. Wọ́n mú tíṣà wọlé. Ó ti rù. Ṣẹ́ẹ̀tì tó wọ̀ rún wómúwómú, ojú alágbàfọ̀ tí Lọ̀ọ́dán ní sì kọ́kọ́ lọ sí ọrùn ṣẹ́ẹ̀tì náà: àpá iná wà níbẹ̀, ó pọ́n ràkọ̀ràkọ̀. Ṣẹ́ẹ̀tì ọjọ́sí ni.

Alága ní kí Lọ̀ọ́dán sọ ohun tó mọ̀.

"Mi ò mọ inú àpò tí mo ti fà á yọ, mà. Ṣòkòtò méjì ló wà nílẹ̀. Agogo ẹnu ọ̀nà ni nǹkan náà, ẹni tó ni ín ló dúró lẹ́yìn yẹn."

Ariwo sọ. Oníná na ọwọ́ sókè, ó ní tòun ni, ó sì ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń lò ó. Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ á bá a. Ká ní ọ̀rọ̀ parí síbẹ̀ ni, Lọ̀ọ́dán ì bá fi "àṣìṣe ni" bo ara rẹ̀ lọ sílé. Ṣùgbọ́n alága kò tíì ṣe tán. Ike tí ọlọ́pàá gbà wà níwájú rẹ̀, pẹ̀lú òwú aláwọ̀ ewé tí wọ́n kọ sínú ìwé ẹjọ́ pé ti tíṣà ni.

"Bàbá, bí ẹ ò bá mọ inú àpò tó ti wá, kí ló dé tó fi jẹ́ pé òwú tíṣà lẹ so mọ́ ọn?"

Ọ̀nà irọ́ ṣí sílẹ̀ gbayawu. Lọ̀ọ́dán wo ìyàwó tíṣà, ó wo ọrùn ṣẹ́ẹ̀tì yẹn.

"Nítorí ó sọ pé mo jó ṣẹ́ẹ̀tì òun, mà. Mo sì jó o lóòótọ́."

Ẹnìkan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn. Alága gbé gègé rẹ̀ sílẹ̀, ó ń wo Lọ̀ọ́dán. Àwọn tó wà lórí àga iwájú yíjú padà láti wò ó dáadáa. Ó ń ṣe é bíi kí ilẹ̀ lanu gbé òun mì.

Wọ́n dá tíṣà sílẹ̀ lọ́jọ́ náà. Wọ́n ní níwọ̀n ìgbà tó jẹ́ pé ẹsẹ̀ ara rẹ̀ ni alágbàfọ̀ fi wá, àwọn ò ní fi òfin mú òun náà, kó máa lọ. Lọ̀ọ́dán dúró síbẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, bí ẹni tó ń retí kí wọ́n tún èrò wọn pa. Kò sẹ́ni tó dá sí i mọ́.

Lọ̀ọ́dán kò rò pé tíṣà tún lè gbé aṣọ wá. Àmọ́ ó wá. Ó kí i bó ṣe máa ń kí i, ó gbé àpò aṣọ kalẹ̀, ó wá ń mú ṣòkòtò jáde lọ́kọ̀ọ̀kan. Kó tó na ọ̀kan sí Lọ̀ọ́dán, á ti ọwọ́ bọ àpò rẹ̀, á yí méjèèjì síta, aṣọ funfun inú rẹ̀ á sì máa fì dirodiro.

"Ẹ wò ó, bàbá. Kò sí nǹkan níbẹ̀."

Kò fi ìbínú sọ ọ́. Ó ṣe bẹ́ẹ̀ fún gbogbo wọn, ó ní ó dìgbà, ó sì lọ. Lọ̀ọ́dán já òwú aláwọ̀ ewé, kò tètè rí i kì bọ ojú abẹ́rẹ́.

Ó ṣì wà lórí rẹ̀ nígbà tí Oníná dé pẹ̀lú aṣọ tirẹ̀. Lọ̀ọ́dán fi ọwọ́ gbá ìdọ̀tí kúrò lórí bẹ́ǹṣì fún un. Oníná kò jókòó. Ó mú ṣòkòtò rẹ̀, ó yí àpò méjèèjì síta, ó sì gbé e lé orí tábìlì.