Ibojì Tí Ìyá Kò Gbọdọ̀ Mọ̀

Òórùn gààrí tí wọ́n ń yan ló pàdé wa ní Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, kíkan rẹ̀ ń ta ni nímú. Àwọn ọdún 1980 la wà. Èmi ni mò ń tọ́jú aṣọ àwọn òṣèré fún ọ̀gá wa, ọkùnrin tó ti ṣe fíìmù apanilẹ́rìn-ín, tó ti ṣe ti ogun, kó tó wá di pé àṣà ilẹ̀ wa ló fẹ́ fi han ayé. Lọ́ńdọ̀nù là ń gbé fíìmù lọ fọ̀, owó ńlá ló ń ná wa, kò sí ààyè à ń fi èyíkéyìí ṣòfò.

Ọ̀gá fẹ́ ya ẹkún abiyamọ, kì í ṣe ẹkún òṣèré o, ẹkún gan-an. Ìyá arúgbó tó gbà wá sílé ti pàdánù àkọ́bí rẹ̀ lọ́dún méjì ṣáájú. O ṣáà mọ̀ bó ṣe rí nílẹ̀ wa: òbí kì í mọ ojú oórì ọmọ rẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ á sin òkú, wọn á sì panu mọ́. Ọ̀gá ní kí èmi tí mo jẹ́ ọmọ Ìjẹ̀bú-Òde wádìí ibẹ̀, òun á fún mi ní ipa nínú fíìmù. Mo purọ́ fún àbúrò òkú pé àdúrà la fẹ́ ṣe, ó sì júwe ibẹ̀ fún mi. Ojúkòkòrò ni, n ò ní pè é lórúkọ mìíràn.

A mú ìyá lọ sẹ́yìn oko kòkó. Ó rò pé eré lásán ni, ó tiẹ̀ ń fi wá ṣe yẹ̀yẹ́ bó ṣe ń jókòó sórí òkìtì tí koríko ti bò. Kámẹ́rà bẹ̀rẹ̀ sí í kùn. Ọ̀gá bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó sọ ọ́ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ pé, “Yèyé, ọmọ yín lẹ jókòó lé yẹn.”

Ìyá kò sunkún. Ó ń rákò kúrò lórí ilẹ̀ náà, ó ń fi etí ìró rẹ̀ nu ibi tó jókòó sí. “Ẹ má jẹ́ n tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀! Ẹ má jẹ́ n tẹ̀ ẹ́!”

“Ẹ sunkún, Yèyé!” Ọ̀gá ń pariwo. “Fíìmù ń tán lọ!”

Ìyá gbójú sókè, ó rí mi. “Ìwọ ọmọ wa yìí náà?”

Bí ikú ilé ò bá pani, tòde ò lè pani. Èmi ni ikú ilé.

Fíìmù náà gbayì lókè òkun, wọ́n ní a gba àṣà là. Àṣà kan ṣoṣo tó bo ìyá yẹn láṣìírí, àwa la ká a kúrò lára rẹ̀. Ọ̀gá mú ìlérí ṣẹ, mo di òṣèré. Ipa ìyá tí ọmọ rẹ̀ kú ni wọ́n máa ń pè mí sí jù, torí n kì í sunkún níbẹ̀, ilẹ̀ ni mo máa ń nù. Àwọn èèyàn á pàtẹ́wọ́, wọn á bi mí pé ta ló kọ́ mi. Mo máa ń dáhùn pé Ọlọ́run ni.