Gìtá Tí Mo Sá Sóòrùn

Nígbà tí mo ṣì kéré l'Ódígbó, láyé àwọn ṣọ́jà, tí a ń tò kí a tó rí ọṣẹ rà, nǹkan kan wà nílé wa tí kò sí nílé ẹlòmíràn. Gìtá ni, ṣùgbọ́n kò lọ́rùn. Ó rí pẹlẹbẹ bí àpótí, okùn irin kún orí rẹ̀. Orí tábìlì ni bàbá mi ń gbé e sí, tí yóò máa fi ìka ta á. Òyìnbó Jámánì kan tí bàbá mi se oúnjẹ fún nígbà tí wọ́n ń la títì Ọ̀rẹ̀ ló fún wọn. Sítà ni òyìnbó náà ń pè é, ṣùgbọ́n gìtá ni àwa ń pè é. Òun ni bàbá mi fi ń gbe orin ní ṣọ́ọ̀ṣì aláṣọ funfun wa.

Lọ́dún kan, ó ku ọjọ́ mẹ́ta kí a ṣe ìkórè, mo rí i pé ẹ̀yìn gìtá ti bu. Nílé wa, ohun tó bá bu, oòrùn là ń sá a sí: kòkó, ẹní, gbogbo rẹ̀. Èmi ni mo ń ṣọ́ kòkó lójú àgbàlá. Mo gbé gìtá sáàrin kòkó, mo sì ń yí i bí mo ṣe ń yí kòkó. Mo rò pé wọn yóò yìn mí.

Nígbà tí oòrùn mú, mo gbọ́ "kà!" Igi ti là, okùn kan sì já.

Ìyá mi sáré jáde. "Ṣé kòkó ni wọ́n ní kó o ṣọ́ ni, àbí gìtá?"

"Ó bu ni, Màmá."

"Bí èmi náà bá bu, wàá sá mi?"

Wọ́n ní kí n kúnlẹ̀, kí n gbọ́wọ́ sókè. Òórùn púpurú, ọkà ẹ̀gẹ́ ilẹ̀ wa, àti ẹja yíyan ń wọ̀ mí nímú níbẹ̀. Èyí tó dùn mí jù ni pé bàbá mi dé láti oko, wọ́n wo gìtá, wọ́n ń fi ìka tọ ojú ibi tó là. Kí ni wọn yóò fi gbe orin ìkórè?

Lọ́jọ́ kejì, bàbá mi gbé mi sẹ́yìn kẹ̀kẹ́, a wá okùn dé Ọ̀rẹ̀. Wàrà alágolo gan-an kò sí, áḿbọ̀sìbọ́sí okùn gìtá. Bí a ti délé, bàbá mi tẹjú mọ́ kẹ̀kẹ́ náà títí. Wọ́n tú wáyà bíréèkì ẹ̀yìn, wọ́n yọ fọ́nrán kan níbẹ̀, wọ́n so ó mọ́ gìtá. Wọ́n fi gọ́ọ̀mù káfíńtà lẹ ojú ibi tó là. Láti ìgbà náà, ẹsẹ̀ ni wọ́n fi ń dá kẹ̀kẹ́ dúró.

Lọ́jọ́ ìkórè, ohùn okùn tuntun yẹn há bí ti ẹni tí òtútù mú. Ìyá Ìjọ bi wọ́n pé, "Bàbá Fúnkẹ́, ohùn ta ni ìyẹn?"

Bàbá mi wò mí, wọ́n rẹ́rìn-ín. "Ohùn Fúnkẹ́ ni."

Lónìí, inú fóònù ni àwọn ọmọ-ọmọ mi ti ń gbọ́ orin, ó sì ń dùn. Ọmọ mi ọkùnrin ra okùn gidi wá fún gìtá náà lọ́jọ́ kan. Mo ní kó pààrọ̀ gbogbo èyí tó ti dógùn-ún, ṣùgbọ́n kó má fọwọ́ kan ti bíréèkì yẹn. Aṣọ gbígbẹ ni mo fi ń nu gìtá náà nígbà òjò. Mo fi ìka ta okùn bíréèkì yẹn láàárọ̀ yìí. Ohùn rẹ̀ ṣì há.